Òkú Ọmọ Lórí Itan Ìyá

Bí ẹ bá wọ ṣọ́ọ̀ṣì ńlá Pétérù Mímọ́ ní Vatican, ẹ má tíì gbójú sókè wo àjà. Apá ọ̀tún ni kí ẹ yà sí. Níbẹ̀, nínú yàrá àdúrà àkọ́kọ́, ni ère tí wọ́n ń pè ní Pietà wà: Màríà jókòó, òkú Jésù nà lórí itan rẹ̀. Ẹ ò ní san kọ́bọ̀ láti wọlé, àmọ́ ẹ ó tò, aṣọ yín sì gbọ́dọ̀ bo èjìká àti orúnkún.

Michelangelo ló gbẹ́ ẹ láti ara òkúta mábù kan ṣoṣo. Ọmọ ọdún 24 ni nígbà tó parí rẹ̀ ní 1499. Ní 1972, ọkùnrin kan fi òòlù gé apá Màríà, ó sì fọ́ imú rẹ̀. Wọ́n tún un ṣe, wọ́n sì fi gíláàsì tí ọta ìbọn ò lè wọ̀ dí iwájú rẹ̀.

Ọwọ́ ìyá yìí la dúró wò pẹ́. Ọ̀tún di ọmọ mú. Òsì ṣí sílẹ̀, àtẹ́lẹwọ́ kọjú sókè, bí ẹni tí ọ̀rọ̀ tán lẹ́nu rẹ̀. Kò káwọ́ lérí bí ìyá tiwa ì bá ti ṣe. Nílé wa, òbí kì í tẹ̀lé òkú ọmọ dé ibojì. Wọ́n á mú ìyá wọ yàrá, wọ́n á ní omi ló dànù, agbè ò fọ́. Ìfẹ́ ni wọ́n fi ń sọ ọ́, ṣùgbọ́n ìyá mọ̀ pé omi yẹn lórúkọ.

Orin tó bá ère yìí mu ni Stabat Mater, orin Látìn àtijọ́. Àwọn Kátólíìkì tó ń ṣe Ọ̀nà Àgbélébùú nígbà Lẹ́ńtì mọ̀ ọ́n: ẹsẹ rẹ̀ ni wọ́n ń kọ láti ibùdó kan sí òmíràn, títí kan ìkẹtàlá, níbi tí wọ́n ti sọ òkú Jésù kalẹ̀. Orin náà kò sọ fún Màríà pé kó dákẹ́. Ẹni tó ń kọ ọ́ ń bẹ̀ ẹ́ pé kó jẹ́ kí òun bá a sunkún. Dvořák, ọmọ ilẹ̀ Czech, ṣe orin tirẹ̀ sí ọ̀rọ̀ náà. Kó tó parí rẹ̀ ní 1877, òun àti ìyàwó rẹ̀ ti ṣòfò ọmọ mẹ́ta. Ó gùn ju wákàtí kan lọ, ó sì lọ́ra. Kì í ṣe orin inú mọ́tò.

Àárọ̀ kùtù ni kí ẹ lọ, kí èrò tó kún. Ọ̀pọ̀ á na fóònù sókè, wọ́n á ya fọ́tò, wọ́n á kọjá. Ẹ ó rí obìnrin kan tàbí méjì tí kò ní yọ fóònù rárá.