Ẹ Kú Àbọ̀

Àwọn àgbà ní èèyàn laṣọ. Mo gbà bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin òǹkàwé, ẹ jẹ́ kí n bi yín: ta ló kí yín kú àbọ̀ lálẹ́ àná?

Ìkòròdú ni mò ń gbé, Ìsàlẹ̀ Èkó ni mo ti ń ṣiṣẹ́. Ìdájí ni mò ń jáde. Kí n tó padà dé, ilẹ̀ ti ṣú. Nínú ọkọ̀ BRT, èjìká ń kan èjìká, ṣùgbọ́n kálukú ló tẹjú mọ́ fóònù rẹ̀.

Lọ́ńdọ̀nù ni ìyàwó mi wà. Ọmọ wa obìnrin ló bímọ, ìyá rẹ̀ sì lọ bá a wẹ ọmọ. Oṣù 6 ni físà àbẹ̀wò gbà á láyè láti lò lẹ́ẹ̀kan. Ó lò ó pé, ó wálé. Kò pẹ́ tí ìròyìn oyún kejì fi dé, ló bá tún lọ. N kò bínú. Ta ni yóò bínú sí ọmọ-ọmọ rẹ̀?

Ohun tó ń dùn mí kò ju kékeré lọ. Bí mo bá ṣílẹ̀kùn, kò sẹ́ni tó máa sọ pé, "Ẹ kú àbọ̀." Bí kíkí Yorùbá ti pọ̀ tó yìí, èyí kì í ṣe ohun tí èèyàn ń fi kí ara rẹ̀.

Nígbà tó yá, mo ṣàkíyèsí pé búrẹ́dì ti ń pọ̀ jù nílé. Mẹ́ta wà lórí tábìlì, ọ̀kan ti bu. Bẹ́ẹ̀ n kì í fi bẹ́ẹ̀ jẹ búrẹ́dì! Ìyá oníbúrẹ́dì ẹnu títì wa ni. Ojoojúmọ́ ló ń sọ pé, "Ẹ kú àbọ̀ o, Bàbá. Iṣẹ́ ńkọ́?" Owó kíkí yẹn ni mo ti ń san látọjọ́ yìí. Ojú tì mí.

Lálẹ́ ọjọ́ náà, ìyàwó mi pè. Ó ní, "Ṣé àlàáfíà ni?" Mo fẹ́ sọ pé àlàáfíà ni, bí mo ti máa ń ṣe, ṣùgbọ́n ẹnu mi kọ̀. Mo ní, "Mo ti wọlé o."

"Àbí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ni?"

"Ó ti tó wákàtí méjì."

Ó dákẹ́. Mo rò pé nẹ́tíwọ́ọ̀kì ti lọ ni. Nígbà tó máa sọ̀rọ̀, ohùn rẹ̀ ti yí padà: "Ẹ kú àbọ̀, olówó orí mi."

Ni ọmọ bá figbe ta lọ́dọ̀ rẹ̀. "Mò ń bọ̀," ló wí, ó sì pa fóònù. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé ní tiwa, ẹni tó fẹ́ lọ ló máa ń sọ pé òun ń bọ̀.

Lọ́jọ́ kejì, mo tún ra búrẹ́dì.