Àlọ́ ní Ọ̀sán Gangan

Ní ọjọ́ Ìsinmi kan, lẹ́yìn ìwàásù lórí òwe afúnrúgbìn, ìyá àgbà kan dúró dè wá lẹ́nu ọ̀nà. Àgbẹ̀ ni, láti èwe rẹ̀ ni ó ti ń gbin àgbàdo lórí ilẹ̀ Kétu. Ó ní: "Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ má bínú, ọkùnrin tí ẹ ń sọ yìí, ṣé orí rẹ̀ pé? Ta ni í da irúgbìn sójú ọ̀nà?"

Àwa mẹ́ta tí a máa ń wàásù nínú ìjọ kékeré náà wo ara wa lójú. Inú ìwé Faransé ni a ti mú ìwàásù yẹn, a sì ti fi òru kan tú u sí Yorùbá. Kò sí ẹni tí ó rántí nínú wa pé, lọ́dọ̀ tiwa, ọkọ́ ni a fi ń la ilẹ̀, a ó fi hóró méjì tàbí mẹ́ta sínú ihò, a ó sì fi ẹsẹ̀ bò ó. Àgbẹ̀ ilẹ̀ Jésù a máa fi ọwọ́ fọ́n irúgbìn káàkiri oko ni. Ẹni tí ó bá ń fọ́n ọn bẹ́ẹ̀ kò lè ṣe é kí díẹ̀ má bọ́ sójú ọ̀nà. A kò sọ èyí fún ìjọ. A ti sáré dé orí ìtumọ̀: ojú ọ̀nà ni ọkàn líle, ẹ̀gún ni àníyàn ayé. Ìyá wa kò tíì gbà pé ọkùnrin náà gbọ́n, àwa ti ń fi í kọ́ni ní ọgbọ́n.

Láti ọjọ́ náà ni a ti pinnu pé a ó máa sọ ìtàn tán kí a tó máa túmọ̀ rẹ̀, àti pé a ó máa mú lára ìtàn ilé wa pẹ̀lú. Ọ̀rọ̀ kan nínú Bíbélì Yorùbá sì wá ń kọ wá lóminú. Àjàyí Crowther àti àwọn tí ó bá a ṣiṣẹ́ pe irú ọ̀rọ̀ Jésù wọ̀nyí ní òwe. Lẹ́nu àwọn àgbà wa, gbólóhùn kan tàbí méjì ni òwe. Ẹni tí ó pa á ti parí ọ̀rọ̀, ó kù sọ́wọ́ ẹni tí ó gbọ́. Èyí tí ó ní ẹni, tí ó ní ìrìn àjò, tí olùgbọ́ sì ń dá sí, àlọ́ tàbí ìtàn ni à ń pè é. Kì í ṣe pé a bá àwọn atúmọ̀ jà. Ohun tí a rí ni pé orúkọ yẹn ti sọ wá di àgbà tí ń pòwe fún ìjọ tí ó dákẹ́.

Kò rọrùn. Alàgbà kan nínú ìjọ kìlọ̀ fún wa pé èèwọ̀ ni àlọ́ ọ̀sán, ta ni kò sì mọ̀ bẹ́ẹ̀? Gbogbo wa ni wọ́n dẹ́rù bà ní kékeré kí a má pàlọ́ nígbà tí oòrùn wà lókè. Aago mẹ́sàn-án òwúrọ̀ sì ni ìsìn wa. Ó tún bi wá pé: "Ìjàpá, olè, òpùrọ́, òun ni ẹ fẹ́ gbé wá sílé Olúwa?" Ọ̀kan nínú wa dá a lóhùn pẹ̀lú ọ̀wọ̀ pé ìríjú aláìṣòótọ́ inú ìwé Lúùkù kò sàn ju Ìjàpá lọ. Bàbá rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n kò yí ohùn padà.

Ìtàn ni a kọ́kọ́ gbá mú nígbà náà, nítorí ìtàn kò ní èèwọ̀ ọ̀sán. Àwọn ẹni Ọlọ́run ti ṣáájú wa lójú ọ̀nà yìí. Thomas Moulero, ọmọ Kétu, tí ó kọ́kọ́ di àlùfáà Kátólíìkì nínú àwọn ọmọ Dàhómì ní ọdún 1928, kọ ìtàn ìlú rẹ̀ sílẹ̀ ní Faransé. Geoffrey Parrinder, òjíṣẹ́ ìjọ Mẹ́tọ́díìsì láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, kọ ìtàn Kétu kan náà ní èdè tirẹ̀, ó sì jáde ní 1956. Ohun tí àwọn méjèèjì kó jọ sínú ìwé, ó tọ́ kí a gbọ́ ọ ní ilé ìsìn pẹ̀lú.

Bẹ́ẹ̀ ni a ṣe ní ọjọ́ tí ọ̀rọ̀ kan ará Samáríà aláàánú. A sọ bí wọ́n ti ní àwọn baba ńlá wa ti Ifẹ̀ dé ibi tí Kétu wà láìní iná, tí ó jẹ́ pé lọ́wọ́ ìyá arúgbó kan ni wọ́n ti gba iná tí wọ́n fi dáná. Wọ́n sì ní Fọ̀n ni ìyá náà. Ilé ìsìn pa lọ́lọ́. Ogun Dàhómì ni ó fọ́ Kétu ní 1886, tí ó kó àwọn ènìyàn rẹ̀ lẹ́rú. Àwọn tí ìyá ìyá wọn wà lára àwọn tí a kó ń jókòó nínú ìjọ wa, àwọn tí ń sọ Fọ̀n nílé sì ń jókòó tì wọ́n. A kò túmọ̀ ohunkóhun. Ọ̀rọ̀ Júù àti ará Samáríà tí a ti ń ṣàlàyé láti ọdún mélòó kan yé wọn lọ́jọ́ yẹn.

Orí wa wú. Oṣù kejì, a gbàgbé ìkìlọ̀ alàgbà, a sì gbé Ìjàpá wọlé.

Lórí gbèsè àti òtítọ́ ni ìwàásù náà. A pa àlọ́ Ìjàpá tí ó yáwó lọ́wọ́ Ẹlẹ́dẹ̀, tí kò san án. Nígbà tí Ẹlẹ́dẹ̀ wá sin gbèsè, Ìjàpá dojú àyà sókè, Yánníbo aya rẹ̀ sì ń lọ ata lórí àyà rẹ̀ bí ẹni pé ọlọ ni. Ẹlẹ́dẹ̀ fi ìbínú gbé ọlọ náà jù sígbó. Ìjàpá ti ẹ̀yìn wọlé, ó ní kí wọ́n wá ọlọ òun kí òun tó san kọ́bọ̀. Ìdí nìyẹn tí Ẹlẹ́dẹ̀ fi ń fi imú tú ilẹ̀ títí di òní. Ìjọ rẹ́rìn-ín, wọ́n gberin, àwọn ọmọdé dìde dúró. A kò rí irú rẹ̀ rí.

Àfi ọkùnrin kan. Àwọn tí ó jókòó níwájú rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí bojú wẹ̀yìn lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó ti gba owó àjọ tí àwọn ará ìjọ ń dá, kò sì dá a mọ́ láti ìgbà náà. Ó mú fìlà rẹ̀, ó jáde. A kì yóò purọ́ fún ẹ̀yin òǹkàwé wa: méjì nínú wa kò mọ̀, ọ̀kan ti gbọ́ fìrífìrí kí a tó yan àlọ́ náà.

Nátánì náà pàlọ́ fún Dáfídì, òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni ó lọ. Àwọn ará Kétu mọ̀ pé ní òru Ẹ̀fẹ̀, ṣáájú ìjó Gẹ̀lẹ̀dẹ́, akọrin lè fi ẹnikẹ́ni ṣe ẹlẹ́yà, onítọ̀hún kò sì gbọdọ̀ bínú; gbogbo ìlú ni ó fi òru náà lé e lọ́wọ́. Ta ni ó fi òwúrọ̀ ọjọ́ Ìsinmi lé wa lọ́wọ́?

Ó pé ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kí a tó ní ìgboyà láti lọ sí ilé rẹ̀. Ìrọ̀lẹ́ ni. Ìyàwó rẹ̀ gbé omi fún wa, ó sì wọlé. A dọ̀bálẹ̀, a tọrọ àforíjì. Ọkùnrin náà dákẹ́ títí, lẹ́yìn náà ó ní: "Ẹlẹ́dẹ̀ ni gbogbo yín ń ṣàánú. Kò sí ẹni tí ó béèrè ohun tí Ìjàpá fi owó náà ṣe." Ilé ìwòsàn ni ó fi san, nítorí ọmọ rẹ̀ kékeré. Ọmọ náà ni ó ń ṣeré lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri nígbà tí a ń sọ̀rọ̀.

Ó ti padà sí ìjọ báyìí, ẹ̀bá ilẹ̀kùn ni ó máa ń jókòó sí. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Àbámẹ́ta ni a ń pàlọ́, lábẹ́ igi, gẹ́gẹ́ bí alàgbà ti fẹ́. A kò tíì tún pa ti Ẹlẹ́dẹ̀.