Bí Mo Ti Kọ́ Kọfí Pípò Lọ́wọ́ Onítíì Agége

Bí ẹ bá dé Agége láàárọ̀ tí ẹ sì ní kí wọ́n po tíì fún yín, ẹ yáa sọ irú èyí tí ẹ ń fẹ́. Lọ́dọ̀ àwa Yorùbá, ohun gbígbóná yòówù tí a bá ti fi mílíìkì àti ṣúgà sí, tíì ni. Milo, tíì ni. Bournvita tí Cadbury ń ṣe ní Àgídíńgbí nítòsí ibẹ̀, tíì ni. Kọfí pàápàá, tíì náà ni, àfi bí ẹ bá bá ẹni tó mọ iṣẹ́ rẹ̀ pàdé, tí yóò bi yín pé, "Tíì gan-an ni, àbí tíì kọfí?" Irú ẹni bẹ́ẹ̀ ni mo fi ara mi ṣe ọmọ ẹ̀kọ́ rẹ̀ fún òru mẹ́ta.

Ohun tó gbé mi débẹ̀ ni pé ọmọ mi obìnrin bá iṣẹ́ lọ sí ìlú Hanoi, ní ilẹ̀ Vietnam, ó sì san owó fún àwọn kan kí wọ́n kọ́ òun ní bí wọ́n ti ń ṣe kọfí tiwọn. Ìdajì ọjọ́ ni wọ́n fi kọ́ ọ. Nígbà tó dé, ó mú asẹ́ kékeré kan tí wọ́n fi páànù ṣe wá fún mi. Phin ni wọ́n ń pè é. Orí ife ni wọ́n ń gbé e lé, kọfí lílọ̀ á wà nínú rẹ̀, omi gbígbóná á máa kán gba àárín kọfí náà bọ́ sórí mílíìkì dídì aládùn tó wà nísàlẹ̀ ife. Mo gbádùn ìtàn rẹ̀ púpọ̀. Àmọ́ mo bi ara mi pé, ta ni yóò kọ́ àlejò tó bá wá sí Èkó ní ti àwa náà? Mo sọ asẹ́ náà sínú báàgì, mo wọ reluwé ní Mọ́níyà n'Ìbàdàn, mo sì bọ́ sílẹ̀ ní Agége.

Kì í ṣe èèṣì ni pé Agége ló wá sí mi lọ́kàn. Kí ilé iṣẹ́ kankan tó débẹ̀, oko ni gbogbo ibẹ̀. Olóyè J. K. Coker dá oko ńlá sí Ìfàkọ̀, àwọn olóko ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ sì dá ẹgbẹ́ Agege Planters' Union sílẹ̀ ní 1907. Kòkó ni wọ́n kọ́kọ́ fẹjú mọ́, ṣùgbọ́n obì gbànja ló sọ Agége di ìlú olókìkí. Ọ̀nà reluwé ti ń lọ láti Èkó dé Kánò kí ọdún 1912 tó parí, apẹ̀rẹ̀ obì Agége sì bẹ̀rẹ̀ sí í gòkè lọ sọ́dọ̀ àwọn Hausa, tí àwọn oníṣòwò Hausa náà ń sọ̀ kalẹ̀ wá, tí wọ́n ń kọ́lé, tí wọ́n ń bímọ síbẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ń jẹ obì mọ̀ pé kì í jẹ́ kí oorun kunni. Èròjà kan tí wọ́n ń pè ní kaféènì ló ń ṣe é, òun kan náà ló sì wà nínú kọfí. Nítorí náà, Agége ló kọ́kọ́ kó àìsùn ránṣẹ́ sí òkè ọya; àwọn ọmọ ọmọ àwọn tó rà á ló wá ń fi ife tà á padà fún wa nísinsìnyí.

Irú ọmọ bẹ́ẹ̀ ni olùkọ́ mi. Kátsínà ni baba rẹ̀ ti wá ṣòwò obì, ṣùgbọ́n Agége ni wọ́n ti bí òun, Yorùbá ẹnu rẹ̀ sì já gaara ju ti ọ̀pọ̀ ọmọ wa tó ń gbé Ìkẹjà lọ. Èmi ń pè é ní Mállàm, òun ń pè mí ní Bàbá. Ẹ̀bá ọ̀nà tó já sí Ọ̀gbà ni tábìlì rẹ̀ wà, níbi tí àwọn òṣìṣẹ́ ilé iṣẹ́ ti ń wọlé sí iṣẹ́ òru, tí wọ́n sì ń jáde láàárọ̀. Bẹ́ǹṣì méjì, kẹ́tù ńlá méjì lórí èédú, búrẹ́dì Agége, ẹyin nínú kíréètì, agolo mílíìkì tó tò bí ọmọ ogun: gbogbo ilé ẹ̀kọ́ náà nìyẹn.

Mo sọ ohun tí mo bá wá fún un. Ó wò mí láti òkè dé ilẹ̀, ó rẹ́rìn-ín. "Bàbá, ẹ̀yin tí ẹ lówó láti jókòó mu ún, kí lẹ fẹ́ kọ́ ọ sí?" Mo ní ó wù mí ni. Ó na agbada omi sí mi. "Ó dáa, ẹ kọ́kọ́ fọ ife." Ife ni mo sì fọ̀ ní òru àkọ́kọ́ títí di aago méjìlá kọjá.

Ní òru kejì ló jẹ́ kí n fọwọ́ kan kọfí. Kẹ́tù kan wà fún tíì ewé, tòun ti ata ilẹ̀ àti kànáfùrù nínú rẹ̀. Èkejì, omi lásán ni, kò sì gbọdọ̀ dẹ́kun híhó. Bí ẹni tó ń fẹ́ kọfí bá dé, ẹ ó tú kọfí inú sáṣẹ́ẹ̀tì sínú ife ńlá, ẹ ó fi ṣúgà sí i, ẹ ó sì fi omi gbígbóná ṣíbí kan péré lé e. Ibẹ̀ ni iṣẹ́ wà. Ẹ ó máa fi ṣíbí lù ú kíákíá títí àwọ̀ rẹ̀ yóò fi kúrò ní dúdú bọ́ sí pupa ràkọ̀ràkọ̀, tí yóò sì ru fùkẹ̀. Apá ro mí gan-an kí èyí àkọ́kọ́ tó ru. Lẹ́yìn náà ni mílíìkì. Ihò méjì ni wọ́n ń lu sórí agolo, ọ̀kan kí mílíìkì gbà jáde, ọ̀kan kí afẹ́fẹ́ gbà wọlé. Ìgbà náà ni ẹ ó da omi sí i láti òkè, ẹ ó sì máa dà á láti inú ife kan sí èkejì, apá kan lókè, apá kan nísàlẹ̀, bí ẹni tó ń wọn aṣọ. Àwọn tó ń wò ó rò pé eré ni. Mállàm ní kì í ṣe eré: ó ń mú kí ó tù díẹ̀ fún ẹni tí bọ́ọ̀sì ilé iṣẹ́ rẹ̀ fẹ́ lọ, ó sì ń mú kí mílíìkì díẹ̀ dà bí ẹni pé ó pọ̀.

Gbólóhùn yìí ni mo gbé sùn. Mílíìkì díẹ̀ tó dà bí ẹni pé ó pọ̀! Kí ìjọba tó tú náírà sílẹ̀ ní oṣù kẹfà 2023, ife méjì ni Mállàm ń fi agolo kan pò. Nísinsìnyí, ife mẹ́rin ni. Ilé iṣẹ́ tó ń ṣe mílíìkì Peak kò jìnnà sí ibi tí a jókòó sí, ní Acme Road ní Ọ̀gbà. Ṣùgbọ́n òkè òkun ni púpọ̀ nínú ìyẹ̀fun mílíìkì tí a ń lò ní Nàìjíríà ti ń wá, dọ́là ni wọ́n sì ń ná lé e. Kò lè fi owó kún ife rẹ̀ bó ṣe wù ú, nítorí ó mọ iye tó wà lápò oníbàárà rẹ̀. Láàárọ̀ ọjọ́ náà, ní nǹkan bí aago mẹ́fà, àwọn obìnrin méjì tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde láti iṣẹ́ òru ra ife kan ṣoṣo pẹ̀lú búrẹ́dì, wọ́n ní kí ó pín in sí méjì. Ó pín in, ó sì bu tíì ewé kún méjèèjì láìgba owó rẹ̀. Ó ní ilé iṣẹ́ méjì tó ń ra tíì lọ́wọ́ òun tẹ́lẹ̀ ti tì, àbúrò òun sì ti fi iṣẹ́ náà sílẹ̀, ó ń gun ọ̀kadà.

Ní òru kẹta, mo yọ asẹ́ Vietnam náà jáde. Mo ti mú kọfí lílọ̀ dání, láti Ìyámọyè ní Ìjùmú, lọ́dọ̀ àwọn ènìyàn wa Yorùbá Òkun ní ìpínlẹ̀ Kogí. Robusta ni, irú kan náà tó pọ̀ jù ní Vietnam, tó korò tó sì lágbára. Mo ṣe é bí ọmọ mi ti fi hàn mí: ṣíbí ìmùkọ méjì tó kún nínú asẹ́, omi díẹ̀ kí kọfí kọ́kọ́ wú, kí a tó wá kún un, kí a sì dúró. Àwọn oníbàárà pé lé wa lórí. Tó... tó... tó... Ó gbà tó ìṣẹ́jú márùn-ún.

Bó ti ń kán, mo sọ ìtàn rẹ̀ fún wọn. Àwọn fadá ará Faransé ló mú igi kọfí dé Vietnam ní 1857. Mílíìkì tútù kì í pẹ́ bàjẹ́ nínú ooru ilẹ̀ náà, ni wọ́n bá gba mílíìkì inú agolo mú, gẹ́gẹ́ bí àwa. Ní 1946, nígbà tí mílíìkì wọ́n ní Hanoi, ọkùnrin kan tó ń ṣiṣẹ́ ní hòtẹ́ẹ̀lì, Nguyen Van Giang, lu pupa ẹyin pẹ̀lú ṣúgà títí tó fi ru, ó sì fi lé orí kọfí dípò mílíìkì. Wọ́n ṣì ń mu ún di òní. Mállàm wo kíréètì ẹyin rẹ̀. "Bàbá, ẹ bá mi sọ fún un pé ẹyin náà ti wọ́n."

Ohun kan wà tó ń dùn mí nínú ọ̀rọ̀ yìí. Ní 1986, ìjọba Nàìjíríà tú àwọn bọ́ọ̀dù tó ń ra irè oko ká, àgbẹ̀ kọfí sì bọ́ sọ́wọ́ alárọ́bọ̀. Ní ọdún 1986 yẹn kan náà, Vietnam yí ètò ọrọ̀ ajé rẹ̀ padà, ó sì jẹ́ kí àgbẹ̀ máa dá oko tirẹ̀ kí ó sì máa tà á. Lónìí, Brazil nìkan ló ń ṣáájú wọn nínú kọfí láyé, ohun tí wọ́n ń kó lóko sì ju mílíọ̀nù kan ààbọ̀ tọ́ọ̀nù lọ́dún. Èmi kò sọ pé nǹkan kan ṣoṣo ló fa ìyàtọ̀ náà. Ṣùgbọ́n ará Hanoi ń mu kọfí oko rẹ̀. Òṣìṣẹ́ Agége ń mu ti sáṣẹ́ẹ̀tì, nígbà tí igi kọfí Ìjùmú ń dàgbà di igbó, tí Ilé Ìwádìí Kòkó n'Ìbàdàn, tí ìjọba gbé iṣẹ́ kọfí lé lọ́wọ́, sì wà níbẹ̀ láti 1964.

Kọfí náà kán tán. Mállàm tọ́ ọ wò, ó pa ojú dé. "Ó ń ta ju ti ilé iṣẹ́ lọ." Ọkùnrin kan tó wọ aṣọ iṣẹ́ ní ó dà bí àgbo ibà, ó sì tún na ife sí wa pé ká fi kún un. Ṣùgbọ́n Mállàm ti ń ṣe ìṣirò lórí ìka rẹ̀. Ìṣẹ́jú márùn-ún fún ife kan! Nígbà tí aago mẹ́fà bá lù tí ọgbọ̀n ènìyàn tò, ẹni tó kẹ́yìn yóò gba tirẹ̀ ní aago mẹ́jọ ààbọ̀.

Ó gba kọfí lọ́wọ́ mi, ó fa aṣọ funfun mímọ́ kan yọ, ó di ẹkúnwọ́ mẹ́rin sínú rẹ̀, ó fi okùn so ó, ó sì rì í sínú kẹ́tù omi. Nígbà tí mo délé, ọmọ mi sọ fún mi pé àwọn ará Saigon ti ń fi aṣọ sẹ́ kọfí tipẹ́tipẹ́. Mállàm kò dé Saigon rí.

Láàárọ̀ ọjọ́ náà, ó ta ife mọ́kàndínlógún nínú rẹ̀, ní owó tó dín díẹ̀ sí ti sáṣẹ́ẹ̀tì. Ẹni mẹ́ta dá a padà pé ó korò. Àwọn obìnrin méjì ọjọ́sí náà tún wá, ife kọ̀ọ̀kan ni wọ́n rà lọ́tẹ̀ yìí. Bí mo ti ń dágbére, ó ní kí n bá òun ra kílò márùn-ún wá, kí ó má ṣáà wọ́n ju sáṣẹ́ẹ̀tì lọ. Mo ti ránṣẹ́ sí Ìyámọyè béèrè iye owó rẹ̀, mo ń retí èsì.