Ewé tí Mo Fẹ́ Sè ní Wakefield

Bí ẹ bá ní ọmọ ní òkè òkun, tí ẹ sì ń múra láti lọ kí i, ọ̀rọ̀ yìí kàn yín gbọ̀ngbọ̀n. Kì í ṣe ọ̀rọ̀ ìwé ìrìnnà, bẹ́ẹ̀ ni kì í ṣe ọ̀rọ̀ owó ọkọ̀ òfurufú. Ọ̀rọ̀ ewé kan ni, ewé tí ó fẹ̀, tí ó tutù yọ̀yọ̀, tí ó sì jọ ẹ̀fọ́ lójú ẹni tí ó ti ń se ẹ̀fọ́ láti kékeré. Díẹ̀ ni ó kù kí n sè é fún ọlọ́mọ tuntun.

Ní oṣù kẹrin ọdún 2023 ni mo gbéra láti Kaduna, tí mo gba Abuja lọ sí London, nítorí pé ọmọbìnrin mi bímọ. Wakefield ni òun àti ọkọ rẹ̀ ń gbé, ní agbègbè Yorkshire, ní apá àríwá ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Láti ibùdókọ̀ King's Cross ní London, nǹkan bíi wákàtí méjì ni ọkọ̀ ojú irin gbà kí ó tó gbé mi dé ibùdókọ̀ Westgate. Ìgbà ìrúwé ni wọ́n ń pe àkókò náà. Igi tí ó ti wà ní ìhòòhò láti ìgbà òtútù ń yọ ewé wẹ́wẹ́, àwọn ọmọ àgùntàn ń fò kiri lórí pápá, oòrùn sì ń ràn ṣùgbọ́n kò mú ara gbóná. Ẹni tí ó bá ti inú ooru oṣù kẹrin ní Kaduna dé ibẹ̀ yóò rò pé oòrùn mìíràn ni.

Ìlú tí wọ́n ti ń wa èédú nínú ilẹ̀ láyé àtijọ́ ni Wakefield, wọ́n sì tún ń hun aṣọ onírun àgùntàn ní gbogbo agbègbè rẹ̀. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi èédú àti irun àgùntàn sọ́kàn. A óò padà sórí wọn.

Ìyá àgbàlagbà kan ni aládùúgbò ọmọ mi. Ògiri kékeré tí kò ga ju ìbàdí lọ ni ó pààlà sí ẹ̀yìnkùlé wọn. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan lẹ́yìn ìsọmọlórúkọ, ó pè mí láti ẹ̀yìn ògiri náà, ó sì na ẹrù ewé kan sí mi. Igi rẹ̀ gùn bí apá, ó pupa bí ìsápá, ewé orí rẹ̀ sì fẹ̀ ju àtẹ́lẹwọ́ àgbà méjì lọ. Ó ń sọ̀rọ̀, ó ń fi ọwọ́ kan ewé náà, ó sì ń mi orí. Gẹ̀ẹ́sì tí ó ń sọ yá, ohùn rẹ̀ sì jẹ́ ti àwọn ará Yorkshire, tí kì í ṣe irú èyí tí olùkọ́ wa fi kọ́ wa ní ilé ìwé. N kò gbọ́ ju ìdajì lọ. Ṣùgbọ́n ojú tì mí láti ní kí ó tún un sọ. Mo rẹ́rìn-ín, mo mi orí, mo dúpẹ́, mo sì wọlé.

Ẹ̀yin ìyá mọ ohun tí ó wá sí mi lọ́kàn. Ọmọ mi ń fún ọmọ lọ́yàn, ó sì ti tó ọjọ́ mẹ́rin tí a jẹ ẹ̀fọ́ gidi gbẹ̀yìn. Mo gé ewé náà kúrò lára igi, mo fọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀mẹ́ta, mo rẹ́ ẹ wẹ́wẹ́. Igi pupa náà ni mo kó tì sí ẹ̀gbẹ́ kan pé n óò dà á nù. Mo gbé omi kaná, mo sì mú kán-ún díẹ̀ jáde nínú ẹrù tí mo gbé wá láti ilé, kí ewé náà lè tètè rọ̀.

Omi ti ń hó nígbà tí ọmọ mi sọ̀ kalẹ̀ láti òkè pẹ̀lú ọmọ lọ́wọ́. Ó wo orí tábìlì, ó sì fi igbe ta.

“Màámi, ẹ má fi sínú omi o! Ẹ jọ̀ọ́! Májèlé ni ewé yẹn! Igi rẹ̀ ni wọ́n ń jẹ!”

Mo pa iná, mo sì jókòó. Bí ó bá sùn fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá sí i, ẹ̀fọ́ náà ni ìbá jí bá.

Ní ọ̀sán ọjọ́ náà, mo padà lọ sí ìdí ògiri pẹ̀lú ọmọ mi, mo sì jẹ́wọ́ fún ìyá náà pé n kò gbọ́ ohun tí ó sọ. Kò fi mí ṣe yẹ̀yẹ́. Ó ní ohun tí òun sọ gan-an nìyẹn: kí n gé ewé dànù, kí n se igi. Ó wá sọ fún mi pé kì í ṣe àlejò nìkan ni ewé yìí ti tàn jẹ. Nígbà Ogun Àgbáyé Kìíní, tí oúnjẹ wọ́n ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n gba àwọn ènìyàn níyànjú pé kí wọ́n máa jẹ ewé náà bí ẹ̀fọ́. Àwọn tí ó jẹ ẹ́ ṣàìsàn, àwọn kan sì kú. Bí àwọn onílẹ̀ bá lè ṣi ewé tí ó wà ní ẹ̀yìnkùlé wọn mú, kí ni kí a wí nípa àlejò? Àwọn àgbà wa ti sọ ọ́ pé àlejò lójú, kò fi ríran.

Rhubarb ni àwọn ará ibẹ̀ ń pe ohun ọ̀gbìn yìí. Rúbáàbù ni n óò máa kọ. Ara kan ni, ṣùgbọ́n ìwà mẹ́ta ni ó ní. Gbòǹgbò rẹ̀ jẹ́ oògùn: láti ilẹ̀ Ṣáínà ni àwọn oníṣòwò ti ń kó gbòǹgbò irú rẹ̀ la ilẹ̀ Páṣíà àti ti Lárúbáwá kọjá dé Yúróòpù, fún ẹni tí inú rẹ̀ dí. Igi rẹ̀ jẹ́ oúnjẹ. Ewé rẹ̀ sì jẹ́ oró. Èròjà kan tí ń jẹ́ oxalic acid pọ̀ nínú ewé náà. Ó lè mú kí inú máa run ènìyàn, kí ó máa bì, bí ó bá sì pọ̀ lára, ó lè ba kíndìnrín jẹ́. Sísè kò mú un kúrò. Èyí tí ó bà mí lẹ́rù jù ni pé bí a bá fi sódà sè é, oró náà tún máa ń yọ́ ju ti tẹ́lẹ̀ lọ, ìyẹn ni pé ara yóò tètè gbà á. Ẹ̀yin sì mọ̀ pé ọmọ ìyá sódà ni kán-ún.

Ẹ má ṣe sọ pé oúnjẹ òyìnbó burú. Àwa náà ni ẹ̀gẹ́. Àlejò tí ó bá wu ẹ̀gẹ́ kíkorò nínú oko wa, tí ó sì sun ún jẹ bí iṣu, ó lè máà jí. Àwa mọ̀ pé a gbọ́dọ̀ rin ín, kí a fún omi rẹ̀ dànù, kí a jẹ́ kí ó kan, kí a tó yan án di gàrí. Ìmọ̀ ni ó sọ ọ́ di oúnjẹ. Ní Wakefield, àwọn ni wọ́n ni ìmọ̀. Èmi ni mo jẹ́ àlejò.

Ọkọ ọmọ mi fi ọkọ̀ gbé wa kiri ní òpin ọ̀sẹ̀ náà kí n lè rí oko tí wọ́n ti ń gbìn ín. Láàárín Wakefield, Morley àti Rothwell ni ilẹ̀ náà wà, nǹkan bíi máìlì mẹ́sàn-án níbùú lóròó, tí wọ́n ń pè ní Igun Mẹ́ta Rúbáàbù. Àwọn ilé gígùn tí kò ga, tí kò sì ní fèrèsé, ni mo rí. Inú wọn ni wọ́n ti ń mú rúbáàbù hù nínú òkùnkùn biribiri ní ìgbà òtútù. Ìkórè ibẹ̀, tí ó máa ń wáyé láti oṣù kìíní sí oṣù kẹta, ti parí kí n tó dé. Ti ẹ̀yìnkùlé, tí oòrùn rí, ni ìyá yẹn fún mi.

Ẹ gbọ́ bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Ọdún méjì ni gbòǹgbò yóò lò ní gbangba oko láìjẹ́ pé wọ́n gé igi kankan lára rẹ̀, kí ó lè kó agbára jọ. Wọn yóò jẹ́ kí ìrì dídì ìgbà òtútù mú un dáadáa. Lẹ́yìn náà ni wọn yóò hú u, wọn yóò kó o wọ inú ilé òkùnkùn tí ó lọ́ wọ́ọ́rọ́. Nítorí pé kò rí ìmọ́lẹ̀, agbára inú gbòǹgbò ni yóò fi yọ igi: igi náà yóò pupa, yóò rọ̀, kò sì ní kan tó ti gbangba. Àbẹ́là ni àwọn olùkórè ń tàn láti fi ríran, kí ìmọ́lẹ̀ má baà pọ̀ jù. Wọ́n ní bí ènìyàn bá dákẹ́ nínú ilé náà, yóò gbọ́ ìró rúbáàbù bí ó ti ń tú jáde nínú èèpo rẹ̀.

Níhìn-ín ni èédú àti irun àgùntàn ti wọ ọ̀rọ̀. Láyé àtijọ́, èédú agbègbè náà ni wọ́n fi ń mú ilé náà gbóná, àjákù irun àgùntàn láti ilé iṣẹ́ aṣọ ni wọ́n sì fi ń ṣe ajílẹ̀. Títí di ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1960, ọkọ̀ ojú irin tí a yà sọ́tọ̀ ni ó máa ń kó rúbáàbù lọ sí London lálaalẹ́ ní àkókò ìkórè. Ní 2010, Àjọ Ìṣọ̀kan Yúróòpù fi òfin dáàbò bo orúkọ rẹ̀, kí ẹlòmíràn má baà fi orúkọ Yorkshire ta ohun tí kò hù níbẹ̀.

Nígbà tí a padà délé, ọmọ mi ní kí n wá kọ́ bí wọ́n ṣe ń fi ṣe ìpápánu. Crumble ni orúkọ rẹ̀, ìyẹn ohun tí a rún wẹ́wẹ́. Wọ́n ní ìgbà Ogun Àgbáyé Kejì ni ó gbilẹ̀, nígbà tí wọ́n ń pín bọ́tà àti ṣúgà fún ará ìlú ní ìwọ̀n. Mo kọ bí a ti ṣe é sílẹ̀ fún yín:

Ẹ gé gbogbo ewé dànù. Ẹ fọ igi tí ó tó 700 gíráàmù, kí ẹ gé e ní ìwọ̀n oríkèé ìka kan. Ẹ dà á sínú abọ́ tí ó lè wọ inú ààrò, ẹ bu ṣúgà 100 gíráàmù sí i, kí ẹ sì fún omi ọsàn kan lé e. Bí ẹ bá fẹ́, ẹ rin atalẹ̀ díẹ̀ sí i. Nínú abọ́ mìíràn, ẹ fi orí ìka pa bọ́tà tútù 100 gíráàmù pọ̀ mọ́ ìyẹ̀fun 200 gíráàmù títí yóò fi rí bí gàrí tí a wọ́n omi sí. Ẹ po ṣúgà 100 gíráàmù mọ́ ọn. Ẹ wọ́n ọn bo rúbáàbù náà, ẹ má tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀. Ẹ gbé e sínú ààrò gáàsì ní ìwọ̀n ooru 180 fún nǹkan bí ogójì ìṣẹ́jú, títí orí rẹ̀ yóò fi pọ́n, tí omi pupa yóò sì máa hó láti ẹ̀gbẹ́.

Òórùn rẹ̀ gba gbogbo ilé. A bu kọ́sítáàdì gbígbóná lé e. Nígbà tí mo tọ́ ọ wò, ìsápá ni mo rántí, zobo tí àwa ará Kaduna ń mu: ìkan tí ó ń ta ahọ́n, tí ṣúgà sì ń pẹ̀tù sí. Igi tí mo fẹ́ dà nù ni mo ń jẹ yìí, ewé tí mo sì fẹ́ sè ti wà nínú àkìtàn. Mo bu abọ́ kan gba orí ògiri fún ìyá aládùúgbò.

Rúbáàbù fẹ́ òtútù, nítorí náà n kò ní kí ẹ máa wá a kiri ní ọjà wa. Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ mú lọ ni èyí: bí ẹ bá dé ilé ọmọ yín ní òkè òkun, ẹ má ṣe se ewé tí ẹ kò mọ orúkọ rẹ̀, ì báà jọ tẹ̀tẹ̀, ì báà jọ ṣọkọ. Ẹ má sì ṣe mi orí sí ọ̀rọ̀ tí ẹ kò gbọ́. Ẹ ní kí wọ́n tún un sọ, kódà lẹ́ẹ̀mẹ́ta. Abèèrè kì í ṣìnà. Ìtìjú tí mo sá fún ní òwúrọ̀ ọjọ́ yẹn kò tó nǹkan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ohun tí ìbá dé bá ìyá àti ọmọ.