Ọjọ́ Kan ní Paquetá, Erékùṣù Tí Kò Sí Mọ́tò

Láti ọjọ́ tí a ti gbé àwọn fótò yẹn jáde ni fóònù wa kò ti sinmi. Àwọn kan ní, “Daddy, ṣé ìpàdé tí ẹ ní ẹ ń bá lọ sí Bràsíl náà nìyí? Ẹ kàn ń rìn káàkiri létí omi!” Àwọn mìíràn ń béèrè igi ràbàtà tí a dúró sí ìdí rẹ̀. A rẹ́rìn-ín títí. Ọjọ́ Ẹtì ni ìpàdé parí, ọkọ̀ òfuurufú wa di ọjọ́ Ajé, nítorí náà kí ẹnikẹ́ni má fẹjọ́ wa sun àwọn alàgbà. Ọjọ́ Àbámẹ́ta tó wà láàárín ni a lò, owó àpò wa ni a sì fi san án. Ṣùgbọ́n fótò kò lè sọ gbogbo ohun tójú wa rí, ìdí nìyẹn tí a fi jókòó kọ èyí. Ó gùn díẹ̀ o.

Paquetá ni orúkọ erékùṣù náà. Inú omi Guanabara ló wà, ìyẹn omi ńlá tí ìlú Rio de Janeiro jókòó tì bí Èkó ṣe jókòó ti ọ̀sà. Àwọn tó ń gbé ibẹ̀ kò tó 5,000. Kì í ṣe ibi tí wọ́n kó òtẹ́ẹ̀lì gàgàrà sí. Ilé àwọn èèyàn ni: ìyá àgbà tó ń sá aṣọ, bàbá tó ń ka ìwé ìròyìn lẹ́nu ọ̀nà, àwọn ọmọ tó ń ti ilé ẹ̀kọ́ bọ̀. Tí ẹ bá fẹ́ fi ẹsẹ̀ yí i ká, àárọ̀ kan ti tó.

Ẹni mẹ́jọ ni wá. Àwa àti ìyàwó wa, pásítọ̀ méjì láti Ìbàdàn, tọkọtaya kan láti Abẹ́òkúta, arákùnrin kan tó ti pẹ́ ní Rio tó ń túmọ̀ èdè Potogí fún wa, àti màmá kan, ọmọ Ayétòrò. Ọmọbìnrin kan tí wọ́n bí sí erékùṣù náà ló ń mú wa kiri. Ó ní òun kì í mú ju ẹni mẹ́wàá lọ lẹ́ẹ̀kan. A bi í pé kí ló dé, ṣebí bí èrò bá ṣe pọ̀ tó ni owó á ṣe pọ̀ tó. Ó ní tí èrò bá pọ̀, ẹyẹ á fò lọ, àwọn aládùúgbò òun á sì ti fèrèsé wọn. Pé àlejò ni wá, ọjọ́ kan la ó lò, àwọn ló máa kù síbẹ̀.

Díẹ̀ ló kù kí màmá má tẹ̀ lé wa. Ẹ̀yin tí ẹ kò mọ Ayétòrò, ìlú kan ni létí òkun ní ilẹ̀ Ìlàjẹ, ìpínlẹ̀ Oǹdó. Àwọn Àpọ́sítélì Mímọ́ ló tẹ̀ ẹ́ dó ní 1947, wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́, wọ́n jọ ń jẹun, gbogbo ayé ló ń wá wò wọ́n nígbà náà. Láti ọ̀pọ̀ ọdún wá ni òkun ti ń jẹ ìlú náà, àdúgbò lẹ́yìn àdúgbò. Ilé tí wọ́n bí màmá sí wà nínú omi báyìí. Ilé tí òun àti ọkọ rẹ̀ tó ti sùn nínú Olúwa jọ kọ́, òun náà ti wọ omi. Nígbà tí a ní kó ká lọ sí erékùṣù, ó wò wá, ó ní, “Pásítọ̀, omi tí mo ti rí láyé yìí tó mi.” Ìyàwó wa ló sọ̀rọ̀ sí i létí. A ò mọ ohun tó sọ. Ká tó dé ibùdókọ̀, màmá ti so gèlè.

Ibi kan tí wọ́n ń pè ní Praça XV ni ọkọ̀ ojú omi ti ń gbéra. Ó tó wákàtí kan kó tó gúnlẹ̀. Ó gba abẹ́ afárá Rio sí Niterói kọjá, èyí tí wọ́n ṣí ní 1974, gígùn rẹ̀ lé ní kìlómítà 13. Ó ju Third Mainland Bridge wa lọ, ọ̀kan nínú àwọn pásítọ̀ Ìbàdàn kò kọ́kọ́ gbà! Ṣùgbọ́n omi tó wà nísàlẹ̀ kò dùn ún wò. Ó dúdú, ike àti náílọ̀nù ń léfòó. Ọmọbìnrin náà ṣàlàyé pé kí wọ́n tó ṣe eré Olympics ní 2016, ìjọba ṣèlérí pé nínú gbogbo ẹ̀gbin omi tó ń ṣàn wọ ibẹ̀, wọn á máa tọ́jú ìdá 80 nínú ọgọ́rùn-ún kó tó wọlé. Olympics dé, Olympics lọ, ìlérí kò ṣẹ. Ẹ̀yin ará Èkó, ẹ kò nílò kí a túmọ̀ ìyẹn fún yín.

Nígbà tí a sọ̀kalẹ̀, ohun tó kọ́kọ́ kí wa ni ìdákẹ́jẹ́ẹ́. Kò sí fèrè mọ́tò, kò sí ọ̀kadà. Wọn kò gba mọ́tò láàyè níbẹ̀, àfi irú èyí tó ń gbé aláìsàn tàbí tó ń kó ilẹ̀. Ilẹ̀ pupa ni ojú ọ̀nà, wọn kò dà á ní ọ̀dà. Kẹ̀kẹ́ ni tọmọdé tàgbà ń gùn. Tẹ́lẹ̀, ẹṣin ló ń fa kẹ̀kẹ́ fún àwọn àlejò, ṣùgbọ́n àwọn èèyàn pariwo nítorí ìyà tí ẹṣin ń jẹ, nígbà tó di 2016 wọ́n fi ọkọ̀ kékeré oníbátìrì rọ́pò wọn. Ó tó ìṣẹ́jú mẹ́wàá tí ẹnikẹ́ni nínú wa kò sọ̀rọ̀. Ẹ̀yin ọmọ ìjọ wa mọ jẹnẹrétọ̀ wa, a kò ní sọ ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Igi wá wà níbẹ̀ o. Máńgòrò, kajú, fúrúùtù, àti flamboyant tí pèrè rẹ̀ máa ń dún bíi ṣẹ́kẹ́rẹ́ tó bá gbẹ. Gbogbo ohun tí ọmọbìnrin náà ń fi hàn wá bí ohun ìyanu, àwa ń sọ pé ó wà lẹ́yìn ilé wa! Igi tí ẹ ń béèrè nínú fótò, igi oṣè ni. Bẹ́ẹ̀ ni, oṣè ti ilẹ̀ wa gan-an. Maria Gorda ni wọ́n ń pè é, ìyẹn Maria Sísanra, etí omi ló dúró sí. Wọ́n kọ àkọlé síbẹ̀ pé ẹni tó bá fi ẹnu ko igi náà lẹ́nu tó sì bọ̀wọ̀ fún un á ríre, ẹni tó bá ṣe é níbi á rí ìfàsẹ́yìn fún ọdún méje. Ẹ mọ̀ pé pásítọ̀ ni wá. Ọ̀kan nínú àwọn ará Ìbàdàn ti bẹ̀rẹ̀ sí í gbàdúrà lábẹ́lẹ̀, ó ń dè, ó ń tú. Ọmọbìnrin náà ní àwọn èèyàn kàn máa ń ṣe é ṣeré ni. Àwa kò fẹnu ko igi, a kò sì ní kọ́ yín láti ṣe bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ tó mú kí ọ̀bẹ jìnnà sí ara igi, a ò bá a jà. Màmá fi ọwọ́ lé èèpo rẹ̀, ó ní, “Ẹ fi í sílẹ̀ jàre. Ọ̀nà tó jìn ni irú rẹ̀ ti wá.” Òótọ́ ni. Ilẹ̀ Áfíríkà ni oṣè ti ṣẹ̀. Ní Rio náà ni èbúté Valongo wà, níbi tí ọ̀kẹ́ àìmọye àwọn baba wa ti sọ̀kalẹ̀ nínú ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀. Gbogbo wa dákẹ́ díẹ̀ níbẹ̀.

A tún dé ibi tí wọ́n ń sin ẹyẹ sí. Bẹ́ẹ̀ ni, itẹ́ òkú ẹyẹ! Ọkùnrin ayàwòrán kan, Pedro Bruno, ọmọ erékùṣù náà, ni wọ́n so ó mọ́. Ìyàwó wa fẹ́ràn ibẹ̀ gan-an. Àwa rò pé ó pọ̀ jù.

Ẹ jẹ́ kí a dé ibi tí ọ̀rọ̀ wà.

Lẹ́yìn oúnjẹ, a jókòó létí omi. Ọmọbìnrin náà wá sọ ọ̀rọ̀ oṣù kìíní ọdún 2000 fún wa. Ọ̀pá epo kan tó gba abẹ́ omi láti ilé ìfọpo tó wà ní òdìkejì bẹ́, epo tó tó mílíọ̀nù kan àti ọ̀ọ́dúnrún ẹgbẹ̀rún lítà dà sínú Guanabara. Ó dé etíkun tí a jókòó sí. Ọmọdé ni òun nígbà náà. Ó rántí òórùn rẹ̀, ó rántí ẹyẹ tí kò lè fò mọ́, ó rántí pé bàbá òun dáná sun àwọ̀n, nítorí kò sí bí wọ́n ṣe lè fọ̀ ọ́. Àwọn tó ń mú akàn nínú igbó ẹ̀gbà lápá Magé kò rí nǹkan mú fún ìgbà pípẹ́.

Màmá ti ń gbọ́ gbogbo rẹ̀ láti ẹnu arákùnrin wa. Ó ní kí ó bá òun bi í pé, “Ta ni wọ́n ní ó ṣẹ̀?”

Ọmọbìnrin náà kò lóye. Ó ní ọ̀pá ló bẹ́.

Màmá ní rárá, ẹ̀ṣẹ̀ ta ni wọ́n ní ó fà á. Ìgbà yẹn ló kọjú sí wa. Ó ní nígbà tí òkun gba ilé òun, ìránṣẹ́ Ọlọ́run kan wá láti ìlú ńlá, ó dúró lójú iyanrìn, ó ní ẹ̀ṣẹ̀ ìkọ̀kọ̀ àwọn ará Ayétòrò ni omi wá gbẹ̀san rẹ̀. Ó ní kí kálukú jẹ́wọ́. Ó ní òun jẹ́wọ́ gbogbo ohun tí òun lè rántí láti kékeré. Omi kò padà. Láti ọjọ́ náà ni òun ti ń wá èyí tó kù tí òun kò tíì jẹ́wọ́.

Ẹ̀yin ará, a kò lè sọ bí ọ̀rọ̀ yẹn ṣe bà wá. Irú ìwàásù bẹ́ẹ̀ wọ́pọ̀ láàárín àwa tí à ń pe ara wa ní oníná, a mọ ohùn tí wọ́n fi máa ń ṣe é. Àwọn ọ̀rẹ́ Jóòbù ṣe é, Ọlọ́run bá wọn wí. Jésù fúnra rẹ̀ mẹ́nu ba ọ̀rọ̀ ilé ìṣọ́ Sílóámù tó wó pa èèyàn 18, ẹ lọ ka ohun tó sọ nípa rẹ̀ ní Lúùkù 13. Bí ẹnìkan bá fẹ́ wàásù ẹ̀ṣẹ̀ lórí epo tó dà, kó lọ wàásù rẹ̀ fún ẹni tó ni ọ̀pá. Opó tó ń sun níta nínú òjò kọ́ ni kó lọ bá. A sọ èyí fún màmá níbẹ̀, níwájú gbogbo wọn. Kò dáhùn. Ó dìde, ó ń rìn lọ létí omi, ìyàwó wa tẹ̀ lé e.

Nígbà tó padà dé, ohun kan tó rí bí ọ̀kọ̀ kékeré wà lọ́wọ́ rẹ̀. Omi ló gbé e wá sórí iyanrìn. Ó ń rẹ́rìn-ín. “Ẹ̀gbà nìyí! Ọmọ ẹ̀gbà!” Ẹ̀yin tí ẹ kì í ṣe ará omi, igi tó máa ń hù nínú ẹrẹ̀ létí omi iyọ̀ ni, tí gbòǹgbò rẹ̀ dúró sókè bí ẹsẹ̀ akàn. Orí igi ni èso rẹ̀ ti máa ń hù kó tó já bọ́, ó sì lè léfòó lọ jìnnà kó tó ta gbòǹgbò. Ọmọbìnrin náà nawọ́ sí ìhà Guapimirim, níbi tí wọ́n ti ń dáàbò bo igbó ẹ̀gbà láti 1984. Ni àwọn méjèèjì bá bẹ̀rẹ̀. Màmá ń sọ bí wọ́n ṣe ń fi igi rẹ̀ yan ẹja nílé. Ọmọbìnrin náà ń sọ bí gbòǹgbò ṣe ń di ẹrẹ̀ mú, tí ọmọ ẹja àti akàn ń fara pamọ́ sí. Arákùnrin wa kò lè túmọ̀ tán, wọ́n ti ń fi ọwọ́ bára wọn sọ̀rọ̀.

Màmá wá bi í bóyá tí wọ́n bá gbin ẹ̀gbà sí Ayétòrò, òkun á dúró. A ti ń gbàdúrà nínú ọkàn wa pé kí ó sọ bẹ́ẹ̀ ni. Ó béèrè bóyá ojú agbami ni ìlú náà kọ sí. Màmá ní bẹ́ẹ̀ ni. Ó mi orí. Ó ní ẹ̀gbà kì í dúró níbi tí ìgbì agbami ti ń lù ú ní tààrà, ibi tí omi ti rọ̀ ló ń gbé. Níwájú, iṣẹ́ ìjọba àti ti òkúta ni. Lẹ́yìn ìlú, létí odò, ibẹ̀ ni ẹ̀gbà ti lè ran yín lọ́wọ́. A rò pé màmá á sunkún. Ó ní, “Òótọ́ ló sọ. Àwọn bàbá wa náà mọ̀ ọ́n.”

Nígbà tí à ń padà, à ń wo omi bóyá a ó rí ẹranko inú omi tí wọ́n ń pè ní dolphin. Méjì rẹ̀ wà lára àmì ìlú Rio. Ọgọ́rọ̀ọ̀rún ni wọ́n ní Guanabara ní nǹkan bí ogójì ọdún sẹ́yìn, báyìí wọn kò tó 50. A kò rí ọ̀kankan. Màmá kò wọ inú ọkọ̀ jókòó bíi ti òwúrọ̀. Ìta ló dúró, ó di irin mú, ó ń pe àbúrò rẹ̀ ọkùnrin tó ṣì wà ní Ayétòrò. Ilẹ̀ ti ṣú nílé. Wọ́n ń jiyàn lórí odò tó wà lẹ́yìn ìlú, èwo ni ẹ̀gbà ṣì wà níbẹ̀, èwo ni wọ́n ti gé tán. Títí a fi gúnlẹ̀ ni wọ́n ń jà.

Bí Olúwa bá dá ẹ̀mí sí, a ó bá a lọ lẹ́yìn ìkórè, ká lọ wo odò náà fúnra wa, ká sì bá àwọn àgbà ìlú jókòó. Àwọn tó bá fẹ́ bá wa lọ, ẹ fi orúkọ sílẹ̀ lọ́dọ̀ akọ̀wé ìjọ. Ẹ mú bàtà rọ́bà dání. Ẹni mẹ́wàá péré ni a ó mú.