Òkú tó mọ ẹni tó jẹ ẹ́ ní gbèsè

Àwa tí a ṣe èwe ní agbègbè Tchaourou ní Benin lẹ́yìn 1990, ilé fídíò ni sinimá wa: tẹlifíṣọ̀n kan lórí tábìlì, ẹ̀rọ amúnáwá tó ń kùn lẹ́yìnkùlé. Kásẹ́ẹ̀tì ń ti Nàìjíríà wọlé, Yorùbá inú rẹ̀ sì ń yé àwa Nàgó. Àwọn ọmọ Bàrùbá tó jókòó tì wá a máa ní ká túmọ̀ fún wọn, àmọ́ bí òkú bá ti yọ, kò sẹ́ni tó tún ń bèèrè ìtumọ̀.

Aṣọ funfun, àtíkè lójú, òwú nímú. A ṣẹ́jú, kò sí níbẹ̀ mọ́. Ta ló mọ̀ nígbà náà pé kámẹ́rà ni wọ́n dá dúró kí òṣèré lè rìn kúrò? Georges Méliès ti ń dá ọgbọ́n yìí ní Faransé láti 1896.

Ìgbò ni wọ́n sọ nínú fíìmù Living in Bondage (1992), síbẹ̀ ó yé wa kedere: Andy fi Merit ìyàwó rẹ̀ ṣòògùn owó, òkú Merit kò sì jẹ́ kó rímú mí. Òkú fíìmù wa kì í ṣìnà. Ti Amẹ́ríkà a máa dúró sínú ilé, kó máa dá ẹni tó kàn háyà yàrá lóró. Tiwa mọ onígbèsè rẹ̀.

Kí ló wá kàn wá tí a fi ń sáré délé bí fíìmù bá parí? Àkúdàáyà ni. Ẹni tó kú níbòmíràn, tó wá tẹ̀dó síbi tí wọn kò ti mọ̀ ọ́n, tó ń tajà, tó láya. Ọjọ́ tí ará ilé rẹ̀ bá pàdé rẹ̀ lọ́jà, ó di àwátì. Ojú ọ̀nà Cotonou sí Parakou la wà, títì àti rélùwéè. Àlejò ń sọ̀ kalẹ̀ lójoojúmọ́. Àwọn onífíìmù wa kò rí ti àkúdàáyà ṣe dáadáa, nítorí ọwọ́ wọn kì í kúrò nínú àtíkè.

Mati Diop rí i ṣe. Nínú fíìmù rẹ̀, Atlantique, tó gba Grand Prix ní Cannes ní 2019, ọ̀gá kan ní Dakar kò sanwó oṣù fáwọn òṣìṣẹ́ ilé kíkọ́. Wọ́n wọkọ̀ ojú omi lọ sí Sípéènì, òkun gbé wọn. Lóru, wọ́n gbé ara àwọn ọmọbìnrin àdúgbò wọ̀, ó di ilé ọ̀gá: owó wa dà? Ó sanwó tán, wọ́n tún ní kó wá gbẹ́ sàréè àwọn.

Àwa tó ti ṣiṣẹ́ kọ́ńkéré rí láìgbowó tán la kọ́kọ́ pàtẹ́wọ́.