Idà Tí Kò Kọrin

Ìtàn àkọ́kọ́ tí mo kà fún ẹgbẹ́ wa, idà méje ló wà nínú rẹ̀, méjèèje ló sì ń kọrin. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà níbẹ̀ lọ́jọ́ náà á rántí. Mo ti dá ayé kan sílẹ̀ nínú ìwé nóòtù mi, mo fi òkè àti odò sí i, mo fún ọba ibẹ̀ lórúkọ tó ṣòro pè, mo wá kó idà fáwọn jagunjagun rẹ̀. Bí wọ́n bá ti fa idà yọ nínú àkọ̀ báyìí, á dún gooro bí agogo, jìnnìjìnnì á mú ọ̀tá. Wọ́n ń jẹun, idà ń kọrin. Òjò ń rọ̀, idà ń kọrin. Ẹ má rẹ́rìn-ín jàre. Lójú tèmi nígbà yẹn, mo ti ṣe bẹbẹ.

Ìwé tí mo ti rí èrò náà, ọ̀rẹ́ mi tá a jọ ń gbé yàrá kan ní họ́sítẹ́ẹ̀lì ló ni ín. The Silmarillion ni. Tolkien kú ní 1973 láì parí rẹ̀, ọmọ rẹ̀ Christopher ló tò ó jọ tó fi jáde ní 1977. Ẹ̀yìn ìwé ọ̀rẹ́ mi ti já, ó fi sẹ́lótéèpù lẹ̀ ẹ́. Bí wọ́n bá mú iná lọ, a ó tan tọ́ọ̀ṣì, òun á máa kà á sókè, èmi á máa tòògbé. Ibi tí wọ́n bá ti dárúkọ idà nìkan ni mo máa ń lajú sí.

Nígbà tó ku ọ̀la kí n ka ìtàn mi, mo gbé e fún un. Ó kà á tán, ó ní, "Ọ̀gbẹ́ni, ariwo idà yìí pọ̀ jù. Bí méjèèje bá ń kọrin, èwo la fẹ́ gbọ́? Lọ tún ti Túrin kà." Mo ní mo ti gbọ́, mo yíjú sí ògiri.

Lọ́jọ́ kejì mo kà á bó ṣe wà. Nígbà tí alága ní kí ẹni tó bá ní àbá nawọ́, òun ló kọ́kọ́ nawọ́. Kò tiẹ̀ sọ ọ́ le tó bó ṣe sọ ọ́ lálẹ́. Ó ń rọra wá bó ṣe máa gbà mí sílẹ̀ lọ́wọ́ àwọn tó ti fẹ́ fi mí ṣẹ̀sín ni. Èmi ò mọ̀ bẹ́ẹ̀. Mo rò pé ó wá dójú tì mí láwùjọ ni. Mo dìde, mo ní ẹni tó ń tún kọ́ọ̀sì kan ṣoṣo ṣe lẹ́ẹ̀kẹta, tí bàbá rẹ̀ nílé rò pé ó ń múra àtijáde, kí ló fẹ́ kọ́ mi?

Àṣírí tó sọ fún mi lóru ni. Àwọn kan rẹ́rìn-ín. Ẹnì kan láti àdúgbò wọn wà níbẹ̀. Kí ọ̀sẹ̀ yẹn tó parí, bàbá rẹ̀ ti gbọ́. Ó kó kúrò ní yàrá wa kí sèmẹ́sítà tó parí. Kò bá mi jà. Ó fi The Silmarillion sílẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì mi, ó fi bébà kékeré há ibi tí ìtàn Túrin ti bẹ̀rẹ̀.

Ìgbà yẹn ni mo wá kà á.

Anglachel lorúkọ idà náà. Eöl, Elf kan tó ń gbé inú igbó ṣókùnkùn, ló fi irin tó já bọ́ láti ojú ọ̀run rọ ọ́. Nígbà tí Beleg yàn án láàárín àwọn ohun ìjà ọba Thingol, Melian ayaba kìlọ̀ fún un pé inú burúkú alágbẹ̀dẹ tó rọ ọ́ ṣì wà nínú rẹ̀. Beleg mú un bẹ́ẹ̀ náà. Nígbà tó yá, àwọn Orc mú Túrin ọ̀rẹ́ rẹ̀ nígbèkùn, Beleg sì tọ ipasẹ̀ wọn. Ó bá a lóru, wọ́n ti dè é, àárẹ̀ ti jẹ́ kó sùn lọ fọnfọn. Òun àti Gwindor gbé e kúrò láàárín wọn, Beleg wá ń fi idà gé ohun tí wọ́n fi dè é. Idà yọ̀, ó gún Túrin lẹ́sẹ̀. Túrin ta jí, ó rí ẹnì kan lórí òun pẹ̀lú idà nínú òkùnkùn, ó rò pé àwọn Orc ló tún padà wá fìyà jẹ òun. Ó já idà gbà, ó pa á. Mànàmáná kọ, ó rí ojú ọ̀rẹ́ rẹ̀.

Mo pa ìwé dé níbẹ̀. Ó tó ọjọ́ mẹ́ta kí n tó tún ṣí i.

Idà ò sọ nǹkan kan lọ́jọ́ náà o. Ó kàn dúdú ni, ojú rẹ̀ kú. Gwindor ló sọ pé ó ń ṣọ̀fọ̀ Beleg. Wọ́n tún un rọ ní Nargothrond, ó di Gurthang, Túrin fi ja ogun rẹpẹtẹ, ó fi pa dírágónì Glaurung. Ó fi pa Brandir arọ pẹ̀lú, ẹni tí kò ṣẹ̀ ẹ́ ju pé ó sọ òótọ́ fún un lọ. Nígbà tó wá mọ̀ pé òótọ́ ni, ó fa idà yọ, ó bi í bóyá ó máa pa òun. Ìgbà yẹn nìkan ni idà náà la ohùn. Ó gbà. Ó sì dárúkọ Beleg, ó dárúkọ Brandir. Ẹ̀jẹ̀ àwọn méjèèjì ló fẹ́ gbàgbé.

Inú Kalevala àwọn ará Finland ni Tolkien ti rí èyí. Níbẹ̀ náà, Kullervo bi idà rẹ̀ léèrè, idà sì dá a lóhùn pé àti ẹlẹ́ṣẹ̀ àti aláìṣẹ̀ ni òun ti ń pa jẹ. Àmọ́ idà Kullervo ò dárúkọ ẹnì kankan. Tolkien ló fi orúkọ sí i, ìyẹn ló sì ká mi lára jù. Gbogbo ogun tí wọ́n jọ jà yẹn, idà náà ti gbé orúkọ Beleg sínú, kò fọhùn.

Mi ò sọ pé idà tó ń kọrin ò dáa o. Stormbringer, idà Elric tí Michael Moorcock bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ìtàn rẹ̀ ní 1961, ń ké, ń ráhùn, ń kọrin lójú ìjà, ìwé náà sì dùn. Ṣùgbọ́n ebi ọkàn èèyàn ló ń pa ìyẹn, orin rẹ̀ nídìí. Àwọn tèmi kàn ń pariwo ni, bíi jẹnẹrétọ̀ oníbúkà ẹ̀yìn họ́sítẹ́ẹ̀lì.

Mo ti tún ìtàn mi kọ. Mo pa idà mẹ́fà rẹ́. Ọ̀kan tó kù wà nínú àkọ̀ láti ojú ìwé kìíní títí dé ìkejìdínlógún, mi ò sì tíì mọ ohun tó fẹ́ sọ. Olóòtú wa ní kí n tètè mú un wá, kí wọ́n rí i fi sínú ẹ̀dà tó ń bọ̀. Mo ní kó ṣe sùúrù, ẹnì kan wà tó yẹ kó kọ́kọ́ kà á. Ọ̀rẹ́ mi ti yege kọ́ọ̀sì náà, ó ti jáde, ó ń sin ilẹ̀ bàbá wa lókè ọya báyìí. Mo ní nọ́ńbà rẹ̀. Mo ti tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀mejì, mo sì pa á kó tó dún. Ìwé rẹ̀ ṣì wà lọ́dọ̀ mi. Mo ti pààrọ̀ sẹ́lótéèpù ẹ̀yìn rẹ̀.